Ẹ wá sọ ibi tí ẹ ti bá "synovia" pàdé

Ògbufọ̀:

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o. Èmi ni mo máa ń jókòó sáàárín aláìsàn àti dókítà tí wọn ò gbọ́ èdè ara wọn, tí mo ń bá wọn túmọ̀. Mo ti túmọ̀ ọ̀rọ̀ tó le ju èyí lọ, àmọ́ kò sí èyí tó ń dá àròyé sílẹ̀ tó synovia. Bí dókítà bá ti ní "omi wà nínú orúnkún yín" báyìí, ojú aláìsàn á yí padà. Omi kẹ̀? Omi wo? Ta ló bu ú síbẹ̀?

Omi yẹn ti wà níbẹ̀ láti inú oyún. Oríkèé tó bá ń yí fàlàlà, bíi èjìká, ìgbọ̀nwọ́, ìbàdí, orúnkún àti ọmọ ìka, ní àpò kan tó yí i ká, awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan sì bo inú àpò náà. Synovium ni wọ́n ń pe awọ yẹn. Omi tí awọ náà ń sun jáde ni synovia, bó tilẹ̀ jẹ́ pé synovial fluid làwọn dókítà òde òní sábà máa ń kọ. Tí awọ náà bá wú, tó ń gbóná, wọ́n á kọ synovitis. Tí omi bá pọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, wọ́n á kọ effusion. Nínú orúnkún tí nǹkan kan ò ṣe, omi yìí kì í ju mílílítà mélòó kan lọ, kò lè kún ṣíbí tíì.

"Omi oríkèé" ni mo máa ń pe omi náà, mo sì ń pe awọ náà ní "awọ inú oríkèé". Mi ò kí ń jẹ́ kí wọ́n dàrú mọ́ra wọn, torí dókítà tó fẹ́ fa omi àti èyí tó fẹ́ ṣí oríkèé láti gé awọ, iṣẹ́ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n fẹ́ ṣe, ìwé tí aláìsàn máa fọwọ́ sí náà sì yàtọ̀.

Ó yá, tiyín ńkọ́?

Olórúnkún Ọ̀tún:

Ẹ kú iṣẹ́ o, Ògbufọ̀. Ibi abẹ́rẹ́ ni mo ti mọ̀ ọ́n ní tèmi. Orúnkún mi wú lóru, ìgbà tí ilẹ̀ máa fi mọ́, kò ṣeé ká, kò ṣeé nà, aṣọ ìbora kò gbọdọ̀ kàn án. Dókítà na ẹsẹ̀ mi, ó fọwọ́ kan fún òkè orúnkún, ó wá fi ìka tẹ eegun ojú orúnkún mi wọlẹ̀ fẹ́ẹ́rẹ́. Eegun náà rì, ó kan ìsàlẹ̀, ó tún léfòó padà. Ó ní, "Ẹ rí i mà, omi ló gbé e." Mo ní kó fún mi ní oògùn tó máa gbẹ ẹ́. Ó ní rárá, àfi kí òun kọ́kọ́ rí ojú omi náà ná.

Wọ́n fi oògùn nu ibẹ̀, wọ́n pa ara ibẹ̀ kú, abẹ́rẹ́ sì gba ẹ̀gbẹ́ wọlé sábẹ́ eegun náà. Mo ti múra igbe sílẹ̀, àmọ́ kò dùn mí tó bí mo ṣe rò, ó kàn ń tì mí látinú ni. Nígbà tí síríńjì kún, dókítà gbé e sókè, ó na ìwé tí wọ́n tẹ nǹkan sí sẹ́yìn rẹ̀, ó ní kí n kà á. Mi ò rí lẹ́tà kankan kà. Omi náà pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, ó sì ṣú. Ó ní tó bá jẹ́ omi oríkèé tó dáa ni, mo máa rí ìwé yẹn kà kedere láti òdìkejì.

Gout ni èsì láàbù pè é, àìsàn tí ìdọ̀tí inú ẹ̀jẹ̀ kan tó ń jẹ́ uric acid fi ń di kírísítálì, ìyẹn hóró kéékèèké tó le, sínú oríkèé. Ẹ wo ọdún tí mo ti ń pe é ní làkúrègbé, tí mò ń fi òróró wọ́ ọ!

Ará Láàbù:

Ẹ kú ìnira mà, ẹ kú orí ire pé wọ́n fa omi yẹn kí wọ́n tó kọ oògùn. Irú tèmi ló máa wo omi irú tiyín, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí a máa ń wá nínú rẹ̀.

Kí n tó gbé e sábẹ́ máíkírósíkóòpù rárá, mo máa ń jẹ́ kó kán láti ẹnu síríńjì. Synovia tó dáa kì í kán bọ́ lẹ́ẹ̀kan, ńṣe ló máa ń fà gùn bí okùn kó tó já, gẹ́gẹ́ bí funfun ẹyin tútù. Ohun tó ń fún un ní fífà yẹn ni hyaluronan, ẹ̀wọ̀n ṣúgà gígùn kan tí àwọn sẹ́ẹ̀lì inú synovium ń hun. Karl Meyer àti John Palmer ló kọ́kọ́ yọ ọ́ sọ́tọ̀ lọ́dún 1934, inú ẹyinjú màlúù ni wọ́n sì ti rí i, kì í ṣe inú oríkèé. Purotéènì kan tó ń jẹ́ lubricin tún wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ kí eegun máa yọ̀ lórí ara wọn. Tí oríkèé bá ti ń gbóná, tó ń wú, ẹ̀wọ̀n hyaluronan á já sí wẹ́wẹ́, omi á sì máa kán tó-tó-tó bí omi ẹ̀rọ. Lójú lásán, o ti mọ̀ pé nǹkan ń ṣẹlẹ̀ níbẹ̀.

Apá tó kù nínú synovia, ara ẹ̀jẹ̀ ló ti sẹ́ wá. Ṣúgà inú rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ bá ti ẹ̀jẹ̀ dọ́gba. Fibrinogen tó ń mú kí ẹ̀jẹ̀ dì kì í sáábà ráyè kọjá, ìdí nìyẹn tí omi oríkèé tó dáa kì í fi í dì. Èyí tó ní àrùn lè dì, nítorí náà ìgò tó ní oògùn tí kì í jẹ́ kí nǹkan dì la máa ń fi gbà á. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin tí ẹ ń fa omi, ẹ má fi ìgò tó ní oxalate, ọ̀kan lára irú oògùn yẹn, ránṣẹ́! Oxalate fúnra rẹ̀ máa ń di kírísítálì, ẹni tí kò bá fojú sílẹ̀ á máa wo oògùn ìgò, á rò pé àìsàn lòun rí. Ẹ sì kọ ibi tí ẹ ti fa omi náà sórí fọ́ọ̀mù. "Omi" nìkan kò tó. Omi ìdodo? Omi ẹ̀yìn? (Ẹ má bínú, ó ti sú mi ni.)

Lẹ́yìn náà ni kíka sẹ́ẹ̀lì funfun. Omi tó dáa kì í ju 200 lọ nínú máíkírólítà 1. Tó bá ti lé ní 50,000, kòkòrò àrùn ló máa kọ́kọ́ wá sí wa lọ́kàn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé gout lè gbé e gùn dé ibẹ̀ nígbà mìíràn.

Kírísítálì wá ni adùn iṣẹ́ náà. Daniel McCarty àti Joseph Hollander ló fi hàn lọ́dún 1961 pé a lè fi ìmọ́lẹ̀ tí a ti sẹ́ nínú gíláàsì dá kírísítálì urate, èyí tó ti ara uric acid wá, mọ̀ nínú synovia ẹni tó ní gout. Wọ́n rí ṣóńṣó bí abẹ́rẹ́, ẹ ó rí òmíràn tó gún sẹ́ẹ̀lì funfun jáde lọ́tùn-ún lósì. Tó bá nà gbalaja bá ìlà tí gíláàsì náà là sílẹ̀ lọ, yẹ́lò ló máa ń jẹ́. Ẹ yí i kó dábùú ìlà yẹn, ó di búlúù lójú yín. Kírísítálì calcium pyrophosphate, tí òun náà máa ń mú orúnkún àwọn àgbà wú, kúkúrú ni, àwọ̀ rẹ̀ sì máa ń yí lódìkejì sí ti urate. Lójú lásán àti lára aláìsàn, méjèèjì lè jọra pátápátá.

Ohun kan tí mi ò ní fi pamọ́: pé a rí kírísítálì kò ní kí kòkòrò àrùn má sí níbẹ̀. Wọ́n lè jọ wà. Ìdí nìyẹn tí a fi máa ń gbin omi náà láti wo ohun tó máa hù. Oríkèé kan ṣoṣo tó bá ṣàdédé wú, tó gbóná, pàápàá tí ibà bá tẹ̀ lé e, ọjọ́ náà ló yẹ kí dókítà rí i, torí kòkòrò lè jẹ kerekere orí eegun bàjẹ́ láàárín ọjọ́ díẹ̀.

Afàka:

Èmi ò ṣàìsàn o, èmi kàn máa ń fa ọmọ ìka mi kó dún ni. Ìyá mi ti sọ̀rọ̀ títí pé làkúrègbé ni mò ń pè wálé. Ibi tí mo ti ń wá ohun tí mo máa fi dá wọn lóhùn ni mo ti rí synovia. Lọ́dún 2015, àwọn olùwádìí ní Yunifásítì Alberta ní Kánádà fa ìka nínú ẹ̀rọ MRI tó ń ya àwòrán inú ara, wọ́n sì rí i bí eegun méjèèjì ṣe ya ara wọn lójijì tí àlàfo afẹ́fẹ́ kan là láàárín omi oríkèé náà. Ìgbà yẹn gan-an ló dún. Ó máa ń tó nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú kó tó tún lè dún.

Donald Unger, dókítà ọmọ Amẹ́ríkà kan, fi ohun tó lé ní 60 ọdún fa ìka ọwọ́ òsì rẹ̀ nìkan kó dún, ó dá ọ̀tún sí. Làkúrègbé ò mú ìkankan. Wọ́n fi àmì ẹ̀yẹ Ig Nobel, tí wọ́n ń fún ìwádìí tó ń pani lẹ́rìn-ín, dá a lọ́lá lọ́dún 2009. Mo sọ fún ìyá mi, wọ́n ní ṣé èmi náà ń jẹ́ Donald ni.

Akẹ́kọ̀ọ́ Ìṣègùn:

Ẹ gba ìyá wa láyè o, ẹnì kan ṣoṣo kì í ṣe ẹ̀rí! 

Gbọ̀ngán ìdánwò ni èmi ti bá a pàdé. Wọ́n bi wá pé oríkèé wo ni kò ní synovia. Àwọn ojú ìránpọ̀ agbárí kò ní. Àárín eegun ẹ̀yìn kan sí èkejì, níbi tí dísíìkì wà, kò ní, àmọ́ àwọn oríkèé kéékèèké tó wà lẹ́yìn eegun ẹ̀yìn kan náà ní tiwọn. Ibi tó mú ọ̀pọ̀ wa ni pé omi yìí tún wà níbi tí kì í ṣe oríkèé, nínú àpò tó bo iṣan ọrùn ọwọ́, àti nínú àwọn àpò kéékèèké tí kì í jẹ́ kí iṣan máa ha eegun.

Paracelsus, dókítà ayé àtijọ́ kan ní Yúróòpù, ló dá orúkọ náà sílẹ̀ ní ọ̀rúndún kẹrìndínlógún, lẹ́nu tirẹ̀ kì í sì í ṣe omi oríkèé nìkan, omi inú ara lóríṣiríṣi ló ń fi pè. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n tó fi mọ sí oríkèé.

Ọlọ́wọ́ Kókó:

Kókó kan yọ sí ẹ̀yìn ọrùn ọwọ́ mi, ó ń yọ̀ lábẹ́ ìka. Gbogbo ẹni tó bá rí i ló ń ní kí n fi ìwé ńlá lù ú kó fọ́. Mi ò gbà. Ganglion ni dókítà pè é, ó ní ohun tó ki bí gọ́ọ̀mù ló wà níbẹ̀, hyaluronan yìí náà ló sì pọ̀ nínú rẹ̀. Ó ní kí n fi í sílẹ̀ bí kò bá ti dùn mí, pé ọ̀pọ̀ máa ń lọ fúnra wọn. Tèmi ti lọ.

Àbúrò Rẹ̀:

Mo ti ka tiyín tán kí n tó kọ tèmi. Synovial sarcoma ni wọ́n kọ sórí ìwé ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin. Ẹ̀bá orúnkún ni kókó náà wà, nítorí náà gbogbo ilé gbà pé omi orúnkún ẹ̀gbọ́n mi ló di jẹjẹrẹ. Wọ́n ń bi í bóyá ó ti ṣubú rí, bóyá bọ́ọ̀lù tó ń gbá ni. Ìbéèrè yẹn dá a lágara ju oògùn lọ, torí ńṣe ló dà bíi pé ó fọwọ́ ara rẹ̀ fà á.

Dókítà tó jókòó tì wá ló là á yé wa. Ó ní àwọn tó sọ ọ́ lórúkọ wo sẹ́ẹ̀lì rẹ̀, ó jọ ti synovium lójú wọn, ni orúkọ bá lẹ̀ mọ́ ọn. Kò ti inú awọ oríkèé wá, kò sì kan omi inú rẹ̀. Ó máa ń yọ sí ọrùn tàbí ẹ̀dọ̀fóró pàápàá, àwọn ọ̀dọ́ ló sì wọ́pọ̀ lára wọn. Ohun tí wọ́n fi ń dá a mọ̀ ni pé nínú sẹ́ẹ̀lì rẹ̀, kúrómósómù X àti ìkejìdínlógún (okùn tó ń gbé àbùdá ara) ti gba apá kan lọ́wọ́ ara wọn. Wọ́n mọ̀ pé orúkọ náà ń ṣini lọ́nà, wọ́n ṣì fi í sílẹ̀. Bí ẹ bá rí i lára èsì ẹnikẹ́ni, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má bi í ní ohun tó ṣe sí orúnkún rẹ̀.

Ògbufọ̀:

Ẹ ṣeun tí ẹ sọ ọ́. Ọlọ́run á bá wa fún ẹ̀gbọ́n ní àlàáfíà. Mi ò mọ èyí tẹ́lẹ̀, mo sì máa fi sọ́kàn lẹ́nu iṣẹ́.

Olórúnkún Ọ̀tún:

Àmín o. Ẹ̀yin Ará Láàbù, ìbéèrè kan kù. Ẹnì kan ní kí n lọ gba abẹ́rẹ́ tí wọ́n ń fi "gẹ́ẹ̀lì" sínú orúnkún, pé omi orúnkún mi ti gbẹ. Ṣé hyaluronan tí ẹ sọ yìí náà ni?

Ará Láàbù:

Òun náà ni mà, àmọ́ kì í ṣe fún gout. Orúnkún tí kerekere rẹ̀ ti jẹ ni wọ́n ń fún, ìwádìí ò sì fohùn ṣọ̀kan lórí rẹ̀, èyí tó bá tilẹ̀ ṣiṣẹ́, ìwọ̀nba ni. "Omi ti gbẹ" yẹn gan-an kò rí bẹ́ẹ̀. Nínú orúnkún tó jẹ, kerekere ló ń tán, omi tilẹ̀ sábà máa ń pọ̀ sí i ni. Kerekere kò ní iṣan ẹ̀jẹ̀, ara omi yìí ló ti ń jẹun. Ìpara tí wọ́n kọ hyaluronan sí lára ńkọ́? Ó wà fún awọ ara. Ó tóbi jù láti gba ojú awọ dé inú orúnkún.

Tiyín, mà, uric acid inú ẹ̀jẹ̀ ni kí ẹ bá dókítà sọ̀rọ̀ lé lórí, bó ṣe máa wálẹ̀ tí á sì dúró síbẹ̀.

Olórúnkún Ọ̀tún:

Ó dáa, mo gbọ́. Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni mo máa padà lọ. Màá ní kí wọ́n fún mi ní ẹ̀dà èsì láàbù náà, kí n rí ibi tí wọ́n kọ abẹ́rẹ́ kéékèèké yẹn sí.