Àbájáde: kọ́bọ́ọ̀dù báluwẹ̀ lórí ilẹ̀ vinyl

Mo bi yín bóyá mo lè gbé kọ́bọ́ọ̀dù abẹ́ báséènì, tí òkúta wúwo wà lórí ẹ̀, lé vinyl (ike tí wọ́n fi ń tẹ́ ilẹ̀) tí wọ́n kàn há mọ́ra láìlo gọ́ọ̀mù, nílé wa ní Kúbwà. Iṣẹ́ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí. Ẹ ṣeun.

Ìmọ̀ràn pé kí n gé vinyl kúrò lábẹ́ ẹ̀ ló yanjú ọ̀rọ̀ náà. Irú vinyl yìí máa ń fẹ̀ nígbà ooru, á sì súnkì nígbà ọyẹ́. Tí ẹrù bá tẹ̀ ẹ́ pa, ó lè wú, tàbí kí ojú ìhámọ́ra rẹ̀ ya. Mo fa ìlà yí ẹsẹ̀ kọ́bọ́ọ̀dù ká, mo fi àyè mílímítà 8 sílẹ̀, mo wá gé e dé sìmẹ́ńtì. Ike pẹlẹbẹ ni mo fi gbé kọ́bọ́ọ̀dù dọ́gba, torí pákó á mu omi. Igi tẹ́ẹ́rẹ́ tó bo àyè náà, ara kọ́bọ́ọ̀dù ni kí ẹ kàn án mọ́, kì í ṣe ilẹ̀. (Vinyl tí wọ́n fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ pátápátá kò nílò gígé.)

Fisher mílímítà 8 (ike kékeré tí wọ́n ń tì sínú ihò ògiri kí skúrù lè dì mú) tí mo fi so kọ́bọ́ọ̀dù mọ́ ògiri ṣiṣẹ́ díẹ̀: méjì nínú mẹ́rin di ògiri mú, méjì yòókù bọ́ sínú ihò búlọ́ọ̀kù, wọ́n kàn ń yí lásán. Mo di ihò náà pẹ̀lú sìmẹ́ńtì, mo dúró kó gbẹ, mo wá lu òmíràn sí ibi tó le.

Ó ku sílíkọ́ọ̀nù láàárín òkúta àti ògiri.