Lórí másùnmáwo, ìwà àti ìtọ́jú ọpọlọ: àwọn ọ̀rọ̀ tí a ó fi tú ìwé Ọ̀jọ̀gbọ́n Lambo

Ẹ̀yin ará wa nínú ìjíròrò yìí, mo kí yín o. Mo fara balẹ̀ ka àbá tí ọ̀kan nínú wa mú wá, pé bí a bá ń tú àwọn ìwé tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Thomas Adéoyè Lambo, oníṣègùn ọpọlọ ọmọ Nàìjíríà, kọ sí Yorùbá, kí a máa pe stress ní másùnmáwo, kí a máa pe personality ní ìwà, kí a sì máa pe psychotherapy ní ìtọ́jú ọpọlọ, láti ìbẹ̀rẹ̀ ìwé dé òpin. Mo fara mọ́ èkíní, pẹ̀lú àtúnṣe kan. Méjì yòókù ni mi ò lè fọwọ́ sí.

Másùnmáwo ti di ọ̀rọ̀ gbogbo ilé. Rédíò ń lò ó, ìwé ìròyìn ń lò ó, ẹni tí kò sì ka ìwé ìṣègùn kankan rí mọ ohun tí wọ́n ń sọ, nítorí náà kò sí ìdí tí a ó fi ṣẹ̀dá òmíràn. Àtúnṣe mi ni pé àwọn onímọ̀ fúnra wọn a máa fi ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì náà, stress, pe nǹkan méjì: ohun tó ń ni ènìyàn lára, àti ohun tí ara ń ṣe nítorí rẹ̀. Hans Selye, oníṣègùn tó ṣe iṣẹ́ rẹ̀ ní Montreal ní Kánádà, tó gbé àpilẹ̀kọ kúkúrú kan jáde ní 1936 lórí ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ nínú ara eku tí ìnira bá, tẹnu mọ́ ọn pé ohun tí ara ń ṣe nígbà ìnira ni stress, kì í ṣe ìnira náà gan-an. Ó ní ara á kọ́kọ́ dágìrì, lẹ́yìn náà á faradà á, bí ìnira náà ò bá sì dẹwọ́, agara á dá a. Ó ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ mìíràn, stressor, fún ohun tó fà á. Bí a bá wá fi másùnmáwo tú méjèèjì, níbi tí oníṣègùn ti kọ ọ́ pé gbèsè tàbí ọ̀fọ̀ lè dá irú nǹkan yìí sílẹ̀, Yorùbá wa yóò máa sọ pé másùnmáwo ló fa másùnmáwo. Okùnfà másùnmáwo tó fún èkejì, ó wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀, kò sì ní ìnira lẹ́nu. Ẹnì kan ti dábàá ẹrù. Ọ̀rọ̀ tó dára ni, àmọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ń kọ Yorùbá lórí fóònù láìfi àmì ohùn sí i, ẹrù yóò sì di ẹ̀rù mọ́ òǹkàwé lójú, bẹ́ẹ̀ ìbẹ̀rù ní ipò tirẹ̀ lọ́tọ̀ nínú ìwé kan náà.

Ọ̀rọ̀ ìwà ló ká mi lára jù. Lédè wa, òṣùwọ̀n ni ìwà. Bí a bá ní ènìyàn níwà, a ti yìn ín. Bí a bá ní kò níwà, a ti bù ú, a sì ti fẹ̀sùn kan àwọn tó tọ́ ọ dàgbà. Oníṣègùn ọpọlọ kò wọn ẹnikẹ́ni nígbà tó bá ń kọ̀wé nípa personality. Ohun tó ń ṣàpèjúwe ni bí ẹnì kan ṣe máa ń yẹra fún àwùjọ, bí ẹlòmíràn ṣe ń padà lọ wo ilẹ̀kùn tó ti tì lẹ́ẹ̀mẹta kó tó lè sùn, bí inú ẹnì kẹta ṣe tètè ń ru. Ẹ jẹ́ kí á wá ro ìyá kan tí wọ́n sọ fún ní ilé ìwòsàn pé àìsàn ìwà ló ń ṣe ọmọ òun. Àbíìkọ́ ni yóò gbọ́. Yóò gbà pé wọ́n ń dá òun lẹ́bi, ó sì ṣeé ṣe kó má mú ọmọ náà padà wá mọ́.

Àwọn kan ní kí a lo àdámọ́ dípò rẹ̀. Èyí náà ò tó, torí pé ohun tí a bí mọ́ni nìkan ló ń sọ, kò sì fi àyè sílẹ̀ fún ilé, ẹ̀kọ́ àti ìrírí tó ń tún ènìyàn mọ. Ìṣesí ni mo fẹ́ kí a gbé yẹ̀ wò. Ó dá lórí bí ènìyàn ṣe máa ń ṣe, kò yìn, kò sì bú. A lè sọ pé ìṣesí ẹnì kan ń fún un ní ìṣòro, kí ará ilé rẹ̀ sì gbọ́ ọ láìbínú.

Àwọn baba wa mọ irú ìṣọ́ra yìí dáadáa. Abísínwín sọ ìgbà tí àìsàn náà dé bá obìnrin, pé lẹ́yìn ìbímọ ni, kò sì fi ọ̀rọ̀ kan gún un lára. Ọdẹ orí sọ ohun tí aláìsàn ń rí lára, pé nǹkan ń rìn nínú orí òun, láìpè é ní òpùrọ́ tàbí ọ̀lẹ. Irú ọ̀rọ̀ báyìí ló yẹ kí a máa ṣẹ̀dá.

Ní ti ìtọ́jú ọpọlọ, oògùn náà ń tọ́jú ọpọlọ, iṣẹ́ abẹ pẹ̀lú. Psychotherapy jẹ́ ìtọ́jú tí oníṣègùn àti aláìsàn ń fi ọ̀rọ̀ ṣe láàárín ara wọn. Bí a ti ní ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò, ìfọ̀rọ̀wòsàn kò ní ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni. Mo yan án ju ìwòsàn ọkàn lọ, nítorí ṣọ́ọ̀ṣì ti gba ìyẹn fún ìgbàlà.

Síbẹ̀, a kò gbọdọ̀ fi ìfọ̀rọ̀wòsàn tú gbogbo ohun tí Lambo ṣe. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Aró, ní Abẹ́òkúta, ní 1954, tí ilé ìwòsàn náà kò tíì parí, ó fi àwọn aláìsàn wọ̀ sílé àwọn ará abúlé tó wà láyìíká. Ẹbí kan, ó kéré tán, ní láti bá aláìsàn wá, kó máa dáná fún un, kó máa fọṣọ rẹ̀. Láàárọ̀ wọ́n á lọ gba ìtọ́jú nílé ìwòsàn. Tó bá yá wọ́n á padà sí abúlé láti jẹun, láti ṣeré, láti bá àwọn ènìyàn gbé. Ó tún pe àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ mọ́ iṣẹ́ náà. Abúlé àti ẹbí jẹ́ ara ìwòsàn níbẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ọ̀rọ̀ ẹnu oníṣègùn ṣe jẹ́, nítorí náà, níbi tó bá ti ń sọ nípa wọn, ìwòsàn láàárín àwùjọ ni kí a kọ.

Kí a tó fi ẹnu ọ̀rọ̀ jóná, mo bẹ̀ yín, ẹ̀yin nọ́ọ̀sì àti dókítà tó wà láàárín wa, ẹ lo ìṣesí àti ìfọ̀rọ̀wòsàn nígbà tí ẹ bá ń bá àwọn ẹbí aláìsàn sọ̀rọ̀, kí ẹ sì wá sọ fún wa bí wọ́n bá ní kí ẹ túmọ̀ wọn.