Ìbéèrè lórí filaggrin àti awọ ara tó ń gbẹ

Ẹ̀yin onímọ̀ nípa awọ ara, mo kí yín láti Òṣogbo. Bí ọyẹ́ bá ti dé ni awọ ara ọmọbìnrin mi, ọmọ ọdún 6, máa ń gbẹ, tí ó sì máa ń yún un lẹ́yìn orúnkún. Eczema ni dókítà pè é. Mo kà á pé purotéènì kan tí wọ́n ń pè ní filaggrin ni ó ń so àwọn fọ́nrán keratin (purotéènì líle tí ó wà nínú awọ, irun àti èékánná) pọ̀ ní ìpele òkè awọ, àti pé bí ó bá ti túká, àwọn èròjà tí ó kù níbẹ̀ máa ń di omi mú kí awọ má baà gbẹ. Wọ́n ní àbùkù tí ènìyàn jogún lára filaggrin, èyí tí àwọn onímọ̀ so mọ́ eczema ní ọdún 2006, kò wọ́pọ̀ láàárín àwa aláwọ̀ dúdú bí ó ti wọ́pọ̀ ní Yúróòpù. Ohun tí ó rú mi lójú gan-an nìyẹn. Bí kì í bá ṣe àjogúnbá, ǹjẹ́ ọyẹ́ tàbí ọṣẹ dúdú, tí ìyá mi kò gbà kí a fi sílẹ̀, lè mú kí filaggrin dín kù? Ṣé òrí tí mo fi ń pa á lára lè dípò rẹ̀, àbí ó kàn ń bo ojú awọ ni? Ẹ jọ̀wọ́, ẹ là mí lọ́yẹ.