Ẹni tí mọ́tò kọlù padà wá sí kílíńíkì: ṣé A ni àbí D?

Àdùkẹ́ Bronx

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi. Kílíńíkì àwọn dókítà eegun kan ní Bronx ni mo ti ń ṣe coding, ìyẹn kíkọ kóòdù àìsàn àti ìtọ́jú sórí bíìlì. Mo ti gba CPC, ìwé ẹ̀rí iṣẹ́ yìí, àmọ́ ohun tí wọ́n kọ́ wa nínú ìwé àti ohun tó ń dé orí tábìlì, wọn kì í sábà jọra.

Ọ̀rọ̀ obìnrin kan ló wà nílẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ ló ń wa mọ́tò nígbà tí SUV kan gbá a ní oríta. Ọrùn ọwọ́ òsì rẹ̀ kán, Colles ni dókítà kọ, eegun kò sì yọ síta. Ọrùn rẹ̀ náà fi, iṣan tó so eegun ibẹ̀ pọ̀ fà. ER (yàrá pàjáwìrì) ló to eegun náà, wọ́n sì fi POP dè é, kó tó di pé wọ́n darí rẹ̀ sọ́dọ̀ wa. Látìgbà yẹn ló ti ń wá: wọ́n ya X-ray, wọ́n yọ POP, ní báyìí dókítà ti kọ fisiotẹ́rápì fún un.

Ẹ̀gbọ́n kan níbi iṣẹ́ ní kí n máa fi A (initial encounter) ṣe lẹ́tà keje kóòdù ìpalára rẹ̀ títí ìtọ́jú yóò fi parí, nítorí pé obìnrin náà ṣì ń gba ìtọ́jú. Ẹlòmíì ní kí n yọ kóòdù eegun kúrò, kí n fi Z47.89 rọ́pò rẹ̀, pé aftercare, ìyẹn ìtọ́jú àtẹ̀lé, ni gbogbo èyí. D (subsequent encounter) ni ọkàn tèmi wà sí. Ta ló gbà á nínú wa? Ṣé V43, kóòdù tó ń sọ bí ìjàǹbá ṣe ṣẹlẹ̀, sì gbọ́dọ̀ máa tẹ̀ lé e lẹ́yìn ìgbà tó kọ́kọ́ wá?

Bàbá Káyọ̀dé

Ìwọ lo gbà á, àbúrò. D ni.

Ọ̀rọ̀ "initial encounter" tí wọ́n kọ sídìí A ló ń ṣi àwọn èèyàn lọ́nà. Wọ́n rò pé iye ìgbà tí aláìsàn ti wá là ń kà. A ò ka ìyẹn rárá. Ohun tí dókítà ń ṣe sí ọgbẹ́ yẹn lọ́jọ́ náà ni lẹ́tà keje ń sọ. Bó bá jẹ́ iṣẹ́ abẹ, tàbí ìtọ́jú ER, tàbí dókítà tuntun tó ń yẹ ọgbẹ́ náà wò tó sì ń tọ́jú rẹ̀ lọ́wọ́, A ni, ì báà jẹ́ dókítà kẹta tí aláìsàn máa rí. Tí ìtọ́jú yẹn bá ti kọjá, tó jẹ́ pé à ń wo bí ara ṣe ń jinná ni, D. Àpẹẹrẹ díẹ̀ nínú wọn nìyí: pípààrọ̀ POP tàbí yíyọ rẹ̀, X-ray láti fi mọ̀ bóyá eegun ń so, yíyọ irin tí wọ́n fi de eegun, títún oògùn ṣe. Níbẹ̀ gan-an ni obìnrin rẹ wà.

Ọjọ́ tó kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ yín nìkan ni mo fẹ́ kí o tún padà wò. Bí dókítà yín bá tún eegun tò lọ́jọ́ yẹn, A ni ọjọ́ yẹn máa jẹ́. Bó bá wo X-ray lásán tó ní kó padà wá, D ni. Inú ohun tí dókítà kọ ló máa hàn.

Ti Z47.89, má dá a láṣà. Ìlànà ICD-10-CM, ètò kóòdù tí à ń lò, sọ ọ́ kedere pé a kì í fi kóòdù aftercare tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Z sí ìpalára. Kóòdù ìpalára náà pẹ̀lú D là ń lò. Bí o bá ṣí ìwé sí Z47, Excludes1 (àkíyèsí ohun tí a kì í kọ síbẹ̀) tó wà níbẹ̀ máa lé ọ padà sídìí eegun tó kán. Èmi mọ ibi tí ẹni tó sọ bẹ́ẹ̀ fún ọ ti gbé e. Nígbà ICD-9, ètò kóòdù àtijọ́, V54.12 la máa ń fi sí apá tó ń jinná, kò sì sẹ́ni tó máa bá ọ jà. October 1, 2015 ni Amẹ́ríkà bọ́ sórí ICD-10-CM, àmọ́ ọwọ́ àwọn àgbà kan kò tíì kúrò nínú ọbẹ̀ àná.

Ohun tí màá kọ nìyí: S52.532D (Colles ọwọ́ òsì), S13.4XXD (ọrùn tó fi), V43.51XD (dírẹ́bà tí SUV kọlù). Ṣọ́ X wọ̀nyẹn dáadáa. Àmì mẹ́rin péré ló wà nínú S13.4, nítorí náà X méjì ló máa gbé D dé ipò keje. S52.532 ti pé mẹ́fà, kò fẹ́ X kankan. Ọ̀pọ̀ claim (bíìlì tí à ń fi ránṣẹ́ sí ìnṣọ́ráǹsì) tó ń padà wá, ibi kékeré yìí ló ti ń bàjẹ́.

Ti eegun tó kán kò sì mọ sórí D. Bó bá ń pẹ́ kó tó so, G. Bí kò bá so rárá, K. Bó bá so ṣùgbọ́n tó wọ́, P. Dókítà ló máa sọ ọ́, kì í ṣe àwa. Bó bá kọ ohun tí kò yé ọ, fi ìbéèrè ránṣẹ́ sí i, má gbé e ka orí ara rẹ.

Ìyá Ìbejì

Ẹ kú àlàyé, sà. Àbúrò, bẹ́ẹ̀ ni, V43 máa ń tẹ̀ lé e títí ìtọ́jú á fi parí, lẹ́tà keje rẹ̀ á sì bá ti ọgbẹ́ mu. Àwọn tí a máa ń kọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo ni Y92, Y93 àti Y99, ìyẹn ibi tó ti ṣẹlẹ̀, ohun tí onítọ̀hún ń ṣe lọ́wọ́ àti ipò tó wà. Ìgbà àkọ́kọ́ ni tiwọn.

Èmi tí mò ń gba owó, ẹ jẹ́ kí n fi ti owó kún un. No-fault ni lọ́dọ̀ wa ní New York: ìnṣọ́ráǹsì mọ́tò ló ń kọ́kọ́ san owó ìtọ́jú, $50,000 sì ni ààbò tó kéré jù lórí èèyàn kan. Bíìlì yín gbọ́dọ̀ dé ọ̀dọ̀ wọn láàárín ọjọ́ 45 sí ọjọ́ tí ẹ tọ́jú rẹ̀. Ìṣòro ibẹ̀ ni pé oṣù mẹ́ta tàbí mẹ́rin ni aláìsàn fi ń wá, ìgbà kọ̀ọ̀kan ló sì ní ọjọ́ 45 tirẹ̀. Má ṣe kó wọn jọ sójú kan kó o tó fi ránṣẹ́. Ẹni tó ń ka fáìlì lọ́hùn-ún máa ń to bíìlì ER, tiyín àti ti fisiotẹ́rápì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Bí ER bá kọ ọwọ́ òsì tí ẹ̀yin kọ ọ̀tún, tàbí tí ẹ̀yin pè é ní dírẹ́bà tí àwọn pè é ní èrò ọkọ̀, lẹ́tà ìbéèrè ló máa tẹ̀ lé e, owó á sì dúró.

Ohun kan tún wà. Bí dókítà yín ló bá to eegun náà tó sì gba owó 25605 (kóòdù títo eegun náà), ọjọ́ 90 ló wà nínú owó yẹn. Àbẹ̀wò lásán láàárín rẹ̀, 99024 (kóòdù àbẹ̀wò àtẹ̀lé) lẹ máa kọ, kò ní owó nínú. X-ray àti fisiotẹ́rápì dá dúró ní tiwọn. Ṣùgbọ́n ER ló to ti obìnrin yìí, torí náà wádìí bóyá wọ́n fi modifier 54 (àmì pé títo eegun nìkan ni wọ́n ṣe, ìtọ́jú àtẹ̀lé kò sí nínú rẹ̀) sí tiwọn, kó o tó mọ bí ẹ ṣe máa gba tiyín.

Àdùkẹ́ Bronx

Ẹ ṣé gan-an, ẹ̀yin òbí mi! Màá tẹ ti Z47 yẹn jáde, màá fi sórí tábìlì wọn.

Ó ku ẹyọ kan. Àbúrò obìnrin náà, ọkùnrin, jókòó tì í nínú mọ́tò ọjọ́ yẹn. Ìtọ́jú tiẹ̀ ti parí tipẹ́, ṣùgbọ́n ó padà wá lọ́sẹ̀ yìí, dókítà sì kọ pé ọrùn tó ń dùn ún láìlọ yìí, ọrùn tó fi nígbà ìjàǹbá yẹn ló fà á. Ṣé D náà ni?

Bàbá Káyọ̀dé

Rárá, S nìyẹn. Ọgbẹ́ ti lọ, ohun tó fi sílẹ̀ ló kù. Ohun tó ń dùn ún lo máa kọ́kọ́ kọ, M54.2, kí S13.4XXS wá tẹ̀ lé e. Bó bá jẹ́ pé títọ́jú ìrora náà gan-an ló gbé e wá, tí dókítà sì pè é ní ìrora ọlọ́jọ́ pípẹ́ látinú ìpalára, G89.21 máa ṣáájú M54.2. Má ṣe kọ D àti S pọ̀ fún ọrùn kan náà. Nítorí pé èrò ọkọ̀ lòun, V43.61XS ni tiẹ̀, kì í ṣe V43.51 ti ẹ̀gbọ́n rẹ̀.