Àbọ̀ rèé o: RX-7 mi ti gbọ́ràn

Ẹ̀yin ará, mo ní kí n wá jábọ̀ fún yín kí n tó pa ìbéèrè mi dé. Mo bi yín léèrè ohun tó ń mú kí Mazda RX-7 tí wọ́n ti tún ẹ́ńjìnnì rẹ̀ ṣe, nínú Assetto Corsa (géèmù ìdíje ọkọ̀ orí kọ̀ǹpútà), máa ju ìdí síta bí mo bá ń jáde ní kọ́nà.

Tọ́bò, ẹ̀rọ tó ń ti afẹ́fẹ́ sínú ẹ́ńjìnnì kí agbára rẹ̀ lè pọ̀ sí i, ni lóòótọ́. Agbára ò pọ̀ nísàlẹ̀, àmọ́ bí tọ́bò bá ti kún, gbogbo rẹ̀ á ya dé lẹ́ẹ̀kan náà, táyà ẹ̀yìn nìkan ló sì ń gbé e. Ẹni tó ní kí n fi jíà kan kún un, ẹ ṣeun gan-an! Ní Druids, kọ́nà kan ní pápá ìdíje Brands Hatch, jíà kẹta ni mo ń lò báyìí, agbára sì ń wọlé jẹ́jẹ́. Mo tún dẹ anti-roll bar ẹ̀yìn (irin tí kì í jẹ́ kí ọkọ̀ fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ jù). Bí ìdí bá tiẹ̀ fẹ́ sá, sítíárín á kọ́kọ́ fà mí lọ́wọ́ sápá ibẹ̀, mà á sì tẹ̀ lé e.

Traction control (ètò tí kì í jẹ́ kí táyà máa yí lásán) tí àwọn kan dábàá, mi ò tan án. RX-7 gidi, tí wọ́n ṣe títí di 2002, kò ní in, bó ṣe rí gan-an ni mo fẹ́ wà á.