Knedlík mi (búrẹ́dì àwọn ará Ṣẹ́ẹ̀kì tí wọ́n ń sè nínú omi) ń rọ̀ wọlé bí mo bá ti gbé e kúrò nínú omi: kí ni mò ń ṣì ṣe?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tí ẹ mọ oúnjẹ àwọn ará Ṣẹ́ẹ̀kì sè. Brno, ìlú kan ní Ṣẹ́ẹ̀kì, ni mò ń gbé. Tó bá jẹ́ ti guláš, ọbẹ̀ ẹran màlúù wọn tó ki, mo lè fọwọ́ sọ̀yà: ẹran ẹsẹ̀ kílò 1, àlùbọ́sà tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìwọ̀n ẹran, paprika dídùn (ata pupa lílọ̀ tí kì í ta), kmín (hóró èròjà ọbẹ̀ kan) àti majoránka (ewé olóòórùn dídùn). Paprika jóná mọ́ mi lọ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan, ó korò bí ewúro tí wọn ò fọ̀. Láti ìgbà náà mo máa ń sọ ìkòkò kalẹ̀ kí n tó dà á sí i.

Knedlík ni wàhálà mi. Fùláwà hrubá gíráàmù 500 (èyí tó rí hóró-hóró lọ́wọ́), ẹyin kan, yíìsì, mílíìkì lílọ́wọ́ọ́wọ́, àti rohlík (búrẹ́dì kékeré gígùn) àná tí mo gé wẹ́wẹ́. Ó ń wú dáadáa. Mo sè é fún ìṣẹ́jú 20, mo dé e. Bí mo ṣe gbé e jáde báyìí, ó rọ̀ wọlé bíi bọ́ọ̀lù tó jò, nígbà tí mo sì fi òwú gé e, àárín rẹ̀ lẹ̀ mọ́ òwú bí àmàlà tí kò jinná.

Ìyá onílé mi ní kí n tètè fi fọ́ọ̀kì gún un kí ooru lè jáde. Mo gún un títí, pàbó. Ṣé omi mi ń hó jù ni, àbí ìdérí tí mò ń ṣí yọjú wò ló fà á? Ẹ má ní kí n gúnyán dípò rẹ̀ o, ará Ṣẹ́ẹ̀kì ni àlejò tó ń bọ̀ lọ́jọ́ Sọ́ńdè.