Pásítọ̀ ní ká pa orúkọ ìdílé wa rẹ́, bàbá mi ò gbà

Olùbéèrè: Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀yin ará. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn, mi ò fojú ba oorun láti ọjọ́ mẹ́ta. Àwa obìnrin mẹ́ta ni bàbá wa bí, èmi ni àkọ́bí. A ti ń dàgbà, kò sì sí ẹni tó délé ọkọ nínú wa. Pásítọ̀ kan ní orúkọ ìdílé wa ló ń bá wa jà. Mo sọ fún bàbá, ó ní òun ò fẹ́ gbọ́ ọ mọ́. Bàbá mi lágídí! Ohun àtijọ́ kan ò gbọdọ̀ kúrò nílé yẹn. Irin ọkọ́ kan wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn yàrá ẹ̀, kò ní èèkù, ó ti dípẹtà. Nígbà tá a kun ilé, mo ní kí wọ́n dà á nù, díẹ̀ ló kù kó nà mí. Kí ni mo máa sọ tí inú ẹ̀ á fi rọ̀?

Ìyá Ìbejì: O sọ̀rọ̀ sọ̀rọ̀, o ò dárúkọ. Orúkọ wo gan-an?

Ọmọ Àyàn: Má pààrọ̀ nǹkan kan! Onílù ni wá, Àyàn ló bẹ̀rẹ̀ orúkọ wa, bí Fá ṣe ń sọ ilé Ifá, tí Ọjẹ̀ ń sọ ilé eégún. Bàbá mi yí tiẹ̀ sí Olú. Lọ́jọ́ ìsìnkú kan nílé, àwọn onídùndún ń ki gbogbo èèyàn, wọ́n kàn wá, wọ́n dákẹ́. Bàbá mi sunkún lọ́jọ́ yẹn.

Ìránṣẹ́bìnrin: Ẹ yé dẹ́rù bà á. Ábúrámù di Ábúráhámù, Jákọ́bù di Ísírẹ́lì. Arábìnrin, pa á rẹ́.

Ọmọ Àyàn: Ọlọ́run fúnra ẹ̀ ló yí ìyẹn. Ta ló ń yí tirẹ̀?

Tíṣà Àgbà: Ẹ rọra. Oníwàásù ni Mọ́jọlà Àgbébí, David Brown Vincent ló ń jẹ́ kó tó gba orúkọ Yorùbá ní 1894. Yíyí orúkọ kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ṣùgbọ́n dárúkọ náà, ọmọ mi.

Olùbéèrè: Ojú ń tì mí ni. Kosoko. Kò sí ọkọ! Bí pásítọ̀ ṣe kà á báyìí, orí mi wú.

Tíṣà Àgbà: Áà! Kòsọ́kọ́ ni. Ọkọ́ tá a fi ń gbẹ́lẹ̀. Orúkọ àbíkú ni, ẹgbẹ́ Málọmọ́, Dúrójayé àti Bánjókòó. Ìyá tó ti sin ọmọ títí ló ń sọ fún èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé pé kò sí ọkọ́ tá a máa fi gbẹ́ sàréè ẹ mọ́, dúró tì wá. Ọba Kòsọ́kọ́ jẹ́ ẹ gorí ìtẹ́ Èkó láti 1845 sí 1851.

Ìránṣẹ́bìnrin: Orúkọ ikú ṣì ni.

Tíṣà Àgbà: Orúkọ tó lé ikú ni!

Ìyá Ìbejì: Ọkọ́ ẹ̀yìn ilẹ̀kùn yẹn ńkọ́? Ta ló ni ín?

Olùbéèrè: Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ pe àbúrò bàbá mi obìnrin ni. Bàbá wọn ló kọ́kọ́ jẹ́ ẹ, ọmọ mẹ́rin ló kú ṣáájú ẹ̀. Ìyá ẹ̀ ló ni ọkọ́ náà. Òun fúnra ẹ̀ ló yọ èèkù, tó jù ú síná. Ilé ìwé ni wọ́n ti kọ orúkọ náà mọ́ ti bàbá mi. Ẹ má bínú, mi ò sọ tán. Mo ti búra ní kóòtù, ó ti jáde nínú ìwé ìròyìn lọ́jọ́ Jímọ̀. Bàbá ò tíì mọ̀.

Ìyá Ìbejì: Yéè! Má fi fóònù sọ ọ́ o. Lọ kúnlẹ̀ fún un kí ẹlòmíì tó fi hàn án.

Tíṣà Àgbà: O ṣì lè búra padà. Bàbá ni kó o kọ́kọ́ bá.

Olùbéèrè: Mo ti wà ní gáréèjì. Tíṣà, ẹ bá mi wò ó: àmì ìsàlẹ̀ lórí àkọ́kọ́, àmì òkè lórí méjì tó kù, àbí? Mo fẹ́ kọ ọ́ sórí pépà kí n tó débẹ̀.